Alágbàtọ́ Kì Í Ṣe Àrólé: Ẹjọ́ Lórí Àkóso Ilé Òrìṣà Àwọn Híńdù

Ní ìparí oṣù kẹfà ọdún 2011, àwọn aṣojú tí Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ní ilẹ̀ Íńdíà rán níṣẹ́ sọ̀ kalẹ̀ sí àwọn iyàrá ìṣúra inú ilé òrìṣà Padmanabhaswamy, ní ìlú Thiruvananthapuram tí í ṣe olú-ìlú ìpínlẹ̀ Kerala. Iyàrá mẹ́fà ni, wọ́n sì fi lẹ́tà A títí dé F sàmì sí wọn. Ohun tí wọ́n bá nínú iyàrá A kọjá ohun tí ọkàn ẹnikẹ́ni rò: owó wúrà, ẹ̀wọ̀n wúrà, adé, òkúta iyebíye, àwọn ohun tí ọba àti olùsìn ti fi ta òrìṣà náà lọ́rẹ láti ìrandíran. Àwọn oníwèé-ìròyìn fojú díwọ̀n gbogbo rẹ̀, wọ́n ní ó ju tírílíọ̀nù kan rúpìì lọ. Láti ọjọ́ náà, iye owó yìí ni gbogbo ayé ń sọ. Ṣùgbọ́n ẹjọ́ tó gbé àwọn aṣojú náà dé ẹnu ilẹ̀kùn kì í ṣe ẹjọ́ iye owó. Ẹjọ́ kọ́kọ́rọ́ ni: ta ló tọ́ kó wà lọ́wọ́ rẹ̀, ta sì ni onítọ̀hún yóò máa jíhìn fún? Ó ti lé ní igba ọdún tí ìbéèrè yìí ti ń dá wàhálà sílẹ̀ ní ilẹ̀ Íńdíà, láàárín ọba àti ìjọba, láàárín àwòrò àti olùsìn. Èrò tí mo fẹ́ gbé síwájú yín lónìí ni pé àwọn ilé-ẹjọ́ wọn ti rí ìdáhùn tó tọ̀nà, díẹ̀díẹ̀, láti inú ẹjọ́ kan dé òmíràn, àti pé ìdáhùn náà kò tíì dùn mọ́ ẹnikẹ́ni nínú àwọn tó ń jà nínú.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ohun tí òfin wọn sọ nípa òrìṣà fúnra rẹ̀. Òrìṣà tí a ti gbé kalẹ̀ sínú ilé rẹ̀, tí a sì ti ṣe gbogbo ètò ìyàsímímọ́ fún, lè ní dúkìá lórúkọ ara rẹ̀. Ó lè pe ènìyàn lẹ́jọ́, a sì lè pe òun náà lẹ́jọ́. Ilẹ̀ tí ọba fi fún un, wúrà tí olùsìn jù sínú àpótí ọrẹ, tirẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n òrìṣà kò lè fọwọ́ síwèé, kò lè bá ayálégbé ṣàdéhùn, kò sì lè lọ gba owó ní báńkì. Nítorí náà, òfin kà á sí ọmọdé tí ohun ìní rẹ̀ wà lọ́wọ́ alágbàtọ́. Shebait ni wọ́n ń pe alágbàtọ́ yìí ní ìhà Bengal. Ní ìhà gúúsù, dharmakarta ni. Ní ọdún 1925, ẹjọ́ ìdílé Mullick ti ìlú Calcutta dé iwájú Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù, ìyẹn ìgbìmọ̀ onídàájọ́ tí àwọn ilẹ̀ abẹ́ ọba Gẹ̀ẹ́sì máa ń gbé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn lọ. Àwọn ìbátan ni wọ́n ń jà lórí òrìṣà ìdílé: ẹni tí ìsìn kàn fẹ́ gbé e lọ sí ilé tirẹ̀, àwọn yòókù sì kọ̀. Ìgbìmọ̀ náà kò gbà pé òrìṣà jẹ́ ẹrù tí ẹnikẹ́ni lè máa gbé kiri bó ti wù ú. Wọ́n ní ìfẹ́ òrìṣà lórí ibi tí yóò máa gbé ṣe pàtàkì, kí a sì wá ẹni tí ọ̀ràn náà kò kàn lápò láti sọ̀rọ̀ lórúkọ rẹ̀. Ọgbọ́n yìí kò jìnnà sí tiwa rárá. Ìgbìmọ̀ kan náà ló dá ẹjọ́ Amodu Tijani, Olóyè Olúwa ti Èkó, ní ọdún 1921 lórí ilẹ̀ Àpápá tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gbà. Ohun tí wọ́n rí níbẹ̀ ni pé ilẹ̀ jẹ́ ti àwùjọ tàbí ti ẹbí, àti pé olóyè tó ń pín in kàn ń bójú tó o fún wọn ni. Ẹni tó bá ti mọ ipò olórí ẹbí lórí ilẹ̀ ẹbí ti mọ ìdajì ohun tí shebait jẹ́. Oyè náà lè kọjá láti ọ̀dọ̀ bàbá sọ́dọ̀ ọmọ. Ohun tó wà lábẹ́ oyè náà kò di ti bàbá tàbí ti ọmọ.

Báwo ni ìjọba wá ṣe dé ìdí òrìṣà? Àwọn ọba ilẹ̀ Íńdíà ló kọ́kọ́ ń bójú tó ilé òrìṣà ńláńlá. Nígbà tí ilé-iṣẹ́ onísòwò Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n ń pè ní East India Company gba ìjọba lọ́wọ́ wọn, ó jogún iṣẹ́ náà pẹ̀lú. Ó ṣe òfin ní Bengal lọ́dún 1810, ó ṣe òmíràn ní Madras lọ́dún 1817, pé kí àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba máa ṣọ́ ilẹ̀ àti owó tí a fi ta ilé òrìṣà lọ́rẹ kí ẹnikẹ́ni má bàa sọ wọ́n di ti ara rẹ̀. Kò pẹ́ tí àwọn ajíhìnrere fi bẹ̀rẹ̀ sí í pariwo ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì pé kí ló kan ìjọba onígbàgbọ́ nínú ìnáwó òrìṣà. Ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí í fà sẹ́yìn. Ilé òrìṣà Tirupati, tó lówó ju ọ̀pọ̀ lọ, bọ́ sọ́wọ́ olórí àwọn àdáwà Hathiramji lọ́dún 1843, ó sì wà níbẹ̀ títí di 1933. Òfin ọdún 1863 wá yọ ọwọ́ ìjọba kúrò pátápátá, ó fi ilé òrìṣà lé àwọn ìgbìmọ̀ àti alágbàtọ́ lọ́wọ́. Ohun tó tẹ̀lé e ni ẹjọ́ lórí ẹjọ́, nítorí pé àwọn kan nínú alágbàtọ́ ń ta ilẹ̀ òrìṣà, wọ́n ń yá owó lé e lórí, ẹni tó bá sì fẹ́ dá wọn dúró gbọ́dọ̀ fi owó ara rẹ̀ gba agbẹjọ́rò. Nígbà tí àwọn ọmọ Íńdíà fúnra wọn dé ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Madras, ìjọba ẹgbẹ́ Justice Party, tí Raja ti Panagal jẹ́ olórí rẹ̀, ló gbé òfin kalẹ̀ láàárín ọdún 1920 sí 1930 tó dá ìgbìmọ̀ alábòójútó ilé òrìṣà sílẹ̀. Òfin 1951 sọ iṣẹ́ ìgbìmọ̀ yẹn di ti ẹ̀ka ìjọba tó ní kọmíṣọ́nà. Lábẹ́ òfin 1959 tó rọ́pò rẹ̀, ẹ̀ka yìí ló ń bójú tó ilé òrìṣà tó ju 36,000 lọ ní ìpínlẹ̀ Tamil Nadu títí di òní. Mo kó ìtàn yìí jọ nítorí pé ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé ìjọba kàn já wọlé láti kó owó ni. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ìwà àwọn alágbàtọ́ ló ṣí ilẹ̀kùn fún un.

Ẹjọ́ tó kọ́kọ́ pààlà láàárín ìjọba àti alágbàtọ́ ti ìlú Udupi wá. Shirur Mutt jẹ́ ọ̀kan nínú ilé ìsìn mẹ́jọ tí wọ́n tọpa wọn dé ọ̀dọ̀ olùkọ́ ńlá náà, Madhvacharya. Wọ́n ń gba ìsìn òrìṣà Krishna ní Udupi lọ́wọ́ ara wọn ní ọdún méjì-méjì, ìnáwó àlejò àti oúnjẹ tó ń bá ìgbà náà wá sì pọ̀ débi pé gbèsè wọ ilé náà lọ́rùn. Ìgbìmọ̀ ìjọba fẹ́ wọlé láti tún ètò owó wọn ṣe, Swami, ìyẹn olórí ilé náà, sì gbé ẹjọ́ lọ sí kóòtù. Ìwé òfin ilẹ̀ Íńdíà ti ọdún 1950 sọ ohun méjì tó jọ pé wọ́n ń tako ara wọn. Abala 25 gba ìjọba láyè láti ṣe òfin lórí owó àti ọ̀ràn ayé tó bá rọ̀ mọ́ ìsìn. Abala 26 fún gbogbo ẹ̀ka ìsìn ní ẹ̀tọ́ láti ṣàkóso ọ̀rọ̀ ìsìn wọn fúnra wọn, kí wọ́n ní dúkìá, kí wọ́n sì máa bójú tó o gẹ́gẹ́ bí òfin ti wí. Ní ọdún 1954, Adájọ́ B. K. Mukherjea kọ ìdájọ́ tí gbogbo àwọn tó tẹ̀lé e ṣì ń tọ́ka sí. Ó ní ohun tí ìsìn jẹ́ gan-an, àwọn ẹlẹ́sìn fúnra wọn ni ẹ̀kọ́ wọn yóò sọ ọ́. Ìjọba kò ní ọ̀rọ̀ níbẹ̀. Ní ti dúkìá, òfin lè sọ bí a ó ṣe máa bójú tó o, ṣùgbọ́n òfin tó bá gba ìbójútó náà kúrò lọ́wọ́ wọn pátápátá tó sì gbé e fún ẹlòmíràn ti kọjá ààyè rẹ̀. Ilé-ẹjọ́ fagi lé àwọn abala kan nínú òfin 1951, títí kan owó tí ìjọba ń gbà lọ́wọ́ ilé ìsìn, èyí tí wọ́n kà sí owó orí. Ẹ kíyè sí i pé kò sí ẹni tó borí tán nínú ẹjọ́ yìí. Swami kò gba òmìnira láti ná owó bó ti wù ú, ìjọba kò sì gba ilé.

Ibi tí ààlà yìí ti ní ìtumọ̀ tó ṣe kedere jù ni ilé òrìṣà ìlú Chidambaram ní Tamil Nadu, níbi tí wọ́n ti ń sin Shiva gẹ́gẹ́ bí Nataraja, oníjó. Agbo ilé àwòrò tí wọ́n ń pè ní Podhu Dikshitar ló ń ṣe ìsìn níbẹ̀, àwọn náà ló sì ń ṣàkóso. Ọkùnrin wọn tó bá ti gbéyàwó ní ẹ̀tọ́ láti bá wọn dá sí àkóso náà. Ìjọba gbìyànjú láti fi òṣìṣẹ́ tirẹ̀ síbẹ̀. Ní ọdún 1951, Ilé-ẹjọ́ Gíga ti Madras ní ẹ̀ka ìsìn kan tó dúró gedegbe ni àwọn Dikshitar, òfin kò sì gba ìjọba láyè. Ọdún 1987 pé, ìjọba Tamil Nadu tún yan òṣìṣẹ́ àkóso síbẹ̀. Ẹ̀sùn tí wọ́n fi kan àwọn àwòrò náà ni pé ìṣirò owó àti ohun ọ̀ṣọ́ kò pé. Ní ọdún 2009, Ilé-ẹjọ́ Gíga gbè sẹ́yìn ìjọba. Ní ọjọ́ 6 oṣù kìíní ọdún 2014, àwọn Adájọ́ B. S. Chauhan àti S. A. Bobde ní Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ yí i padà. Ìpìlẹ̀ ìdájọ́ wọn ló kàn mí jù. Wọ́n kò sọ pé àwọn àwòrò náà kò lè jẹ̀bi láé. Ohun tí wọ́n sọ ni pé bí ìwà àìtọ́ bá wà, ìjọba lè wọlé láti tún un ṣe, ṣùgbọ́n bó bá ti tún un ṣe tán, kó jáde kíá, kó dá ilé padà fún àwọn tó ni ìbójútó. Òṣìṣẹ́ tí a yàn láìsọ ọjọ́ tí yóò lọ kò yàtọ̀ sí ẹni tó gba ohun olóhun. Ojú oníṣègùn ni ìdájọ́ yìí fi wo ìjọba. Oníṣègùn a máa wọ iyàrá aláìsàn, a sì máa pàṣẹ níbẹ̀. Bí aláìsàn bá gbádùn tán, kò lè sọ pé iyàrá náà ti di tòun.

Kerala ló wá dán ìdájọ́ yìí wò láti ìhà kejì, nítorí pé níbẹ̀, ọba ni alágbàtọ́. Ní ọdún 1750, Marthanda Varma, ọba Travancore, fi gbogbo ìjọba rẹ̀ lé òrìṣà Padmanabha lọ́wọ́, ó sì sọ ara rẹ̀ di Padmanabha Dasa, ìránṣẹ́ òrìṣà náà. Láti ìgbà náà, gbogbo àwọn tó jẹ lẹ́yìn rẹ̀ ń ṣàkóso lórúkọ òrìṣà. Nígbà tí Travancore àti Cochin di ọ̀kan ní ọdún 1949, àdéhùn tí wọ́n fọwọ́ sí fi ilé òrìṣà Padmanabhaswamy sílẹ̀ lábẹ́ ìbójútó ọba. Ní 1971, àtúnṣe ìwé òfin fòpin sí oyè àti owó ìfẹ̀yìntì àwọn ọba gbogbo. Ní 1991, ọba tó kẹ́yìn, Chithira Thirunal Balarama Varma, wàjà, àbúrò rẹ̀ sì gba ìbójútó. Níbẹ̀ ni ẹjọ́ ti bẹ̀rẹ̀: ẹni tí òfin kò mọ̀ sí ọba mọ́, ṣé ó lè jókòó lórí àga tí àdéhùn fi sílẹ̀ fún ọba? Ní oṣù kìíní ọdún 2011, Ilé-ẹjọ́ Gíga ti Kerala ní kò lè ṣe bẹ́ẹ̀, ó sì pàṣẹ pé kí ìjọba ìpínlẹ̀ dá ìgbìmọ̀ sílẹ̀ láti gba gbogbo rẹ̀. Ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn lórí ìyẹn ló mú kí Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ dá àṣẹ náà dúró, kó sì ní kí wọ́n lọ ka ohun tó wà nínú àwọn iyàrá. Ọdún mẹ́sàn-án lẹ́yìn náà, ní ọjọ́ 13 oṣù keje ọdún 2020, Adájọ́ U. U. Lalit àti Indu Malhotra dá a pé oyè ọba ti lọ, ṣùgbọ́n ipò alágbàtọ́ kò bá a lọ. Ìdílé náà ṣì ni shebait gẹ́gẹ́ bí àṣà. Síbẹ̀, wọn kò dá wọn padà sí bí wọ́n ti wà tẹ́lẹ̀. Ìgbìmọ̀ ẹlẹ́ni márùn-ún ni yóò máa ṣàkóso: adájọ́ àgbègbè Thiruvananthapuram ni alága, aṣojú ìdílé ọba, aṣojú ìjọba ìpínlẹ̀, aṣojú ìjọba àpapọ̀ àti olórí àwòrò ni yòókù. Ìdílé náà ló dábàá irú ìgbìmọ̀ bẹ́ẹ̀ fúnra wọn, wọ́n sì sọ níwájú ilé-ẹjọ́ pé ohun ìṣúra náà kì í ṣe ti àwọn, ti òrìṣà ni. Ọ̀rọ̀ kan yìí tó gbogbo wúrà inú iyàrá A lójú mi.

Mo mọ̀ pé àwọn kan yóò dá mi lóhùn pé bí a bá ní kí ìjọba jáde, ìwà ìyapa ni a ń dá padà. Àtakò yìí wúwo, ó sì yẹ ká dá a lóhùn tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Ìrandíran ni àwọn tí wọ́n ń pè ní ẹni ẹ̀gbin fi ń dúró ní ìta ilé òrìṣà tí àwọn náà gbà gbọ́. Ní Vaikom, ní ilẹ̀ Travancore, ní 1924 àti 1925, ìjà wáyé lórí ojú ọ̀nà tó kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé òrìṣà lásán. Alágbàtọ́ kọ́ ló ṣílẹ̀kùn nígbà náà. Àṣẹ tí ọba Travancore pa gẹ́gẹ́ bí olórí ìjọba ní oṣù kọkànlá ọdún 1936 ló ṣí i. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká wo irú àṣẹ tó ṣí i. Òfin ìwọlé ni. Kò ní ohunkóhun ṣe pẹ̀lú ẹni tó ń di kọ́kọ́rọ́ àpótí owó mú. Madras náà ṣe òfin ìwọlé tirẹ̀ ní 1947. Nígbà tí àwọn Gowda Saraswath ti ìlú Moolky gbé e lọ sí kóòtù pé ilé òrìṣà àwọn jẹ́ ti ẹ̀ka ìsìn àwọn nìkan, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ gbà ní 1958 pé òótọ́ ni, tiwọn ni. Síbẹ̀ ó ní kí wọ́n jẹ́ kí gbogbo Híńdù wọlé, àyàfi ní àwọn ètò ìsìn kan. Ẹ wò ó bí ohun méjèèjì ṣe dúró pọ̀: àkóso wà lọ́wọ́ wọn, ilẹ̀kùn sì ṣí. Ní 1972 bákan náà, ilé-ẹjọ́ fọwọ́ sí òfin Tamil Nadu tó ní iṣẹ́ àwòrò kò gbọdọ̀ jẹ́ ogún ìdílé mọ́. Òfin tó ń dáàbò bo iyì ènìyàn lè dúró fúnra rẹ̀. Ẹni tó bá sọ pé a kò lè ní in àfi bí ọ́fíìsà ìjọba bá ń ka owó inú àpótí ọrẹ kò tíì fi ẹ̀rí hàn.

Àtakò kejì ti ìhà kejì wá. Àwọn kan ní bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, kí ìjọba yọ ọwọ́ kúrò nínú ilé òrìṣà gbogbo, nítorí pé kò sí ẹ̀ka ìjọba tó ń ṣàkóso ilé ìjọsìn Kristẹni bẹ́ẹ̀. Ẹ̀dùn ọkàn wọn yé mi, àìdọ́gba náà sì wà lóòótọ́. Ṣùgbọ́n láti 1863 ni a ti dán ìyẹn wò, a sì rí ibi tó já sí. Àpẹẹrẹ tó sàn wà nítòsí wọn. Lẹ́yìn ọdún 1920, àwọn Sikh ti Punjab dìde sí àwọn alágbàtọ́ tó ti sọ ilé ìsìn wọn di ogún. Ẹ̀mí ṣòfò, ní Nankana ní 1921, wọ́n pa ọ̀pọ̀ olùsìn sínú ilé ìsìn náà gan-an. Òfin ọdún 1925 tó parí ìjà náà kò fi ilé ìsìn lé ìjọba lọ́wọ́, kò sì dá wọn padà fún àwọn olórí àtijọ́. Ó ní kí àwọn Sikh fúnra wọn dìbò yan ìgbìmọ̀. Kò pé tán, nítorí ọ̀pọ̀ ọdún lè kọjá kí ìdìbò tó wáyé, òṣèlú sì ti wọ̀ ọ́. Fún àwọn Híńdù, ó tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí pé kò sí ìwé tí orúkọ àwọn olùsìn ilé òrìṣà kan wà. Ẹni tó rin ìrìn ọgọ́rùn-ún máìlì wá bọ Padmanabha lẹ́ẹ̀kan lọ́dún, ṣé olùsìn ibẹ̀ ni? Síbẹ̀, ìṣòro yẹn kò tó ìdí láti má ṣe wá ọ̀nà. Níbi yìí ni mo ti rí àléébù kan nínú ìdájọ́ 2020: nínú àga márùn-ún tí wọ́n gbé kalẹ̀, kò sí ọ̀kan tí olùsìn lásán lè yan ènìyàn sí. Àwọn tó ju owó sínú àpótí ni ọ̀rọ̀ náà kàn jù, àwọn ni a kò sì bi léèrè.

Ó ku àwọn tó ní kóòtù fúnra rẹ̀ ti di alákòóso, nígbà tí adájọ́ bá jẹ́ alága ìgbìmọ̀ ilé òrìṣà. Òótọ́ ni pé èyí kò yẹ kó pẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tí kóòtù lo agbára rẹ̀ fún, ẹ ó rí i pé ìjíhìn ló ń béèrè. Nínú ìdájọ́ 2020, ó pàṣẹ kí wọ́n yẹ ìwé owó ilé òrìṣà náà wò fún ọdún 25 sẹ́yìn. Nígbà tí ẹgbẹ́ alágbàtọ́ tí ìdílé ọba dá sílẹ̀ ní kí wọ́n yọ àwọn sílẹ̀, ilé-ẹjọ́ kọ̀ ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2021, ó ní àwọn náà yóò jíhìn. Ìwé owó nìkan sì kọ́. Iyàrá tí wọ́n ń pè ní B ni wọn kò ṣí ní 2011. Ìdílé ọba àti àwọn àwòrò ní èèwọ̀ ni, pé ìbínú òrìṣà wà nídìí rẹ̀. Vinod Rai, tó ti jẹ́ olùyẹ̀wò owó àgbà fún ilẹ̀ Íńdíà, yẹ ìwé ibẹ̀ wò ní 2014, ó sì jábọ̀ pé wọ́n ti ṣí iyàrá yìí rí, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan, láti ọdún 1990. Ilé-ẹjọ́ lè sọ pé kí wọ́n fọ́ ilẹ̀kùn náà lọ́jọ́ náà, àwọn tó fẹ́ bẹ́ẹ̀ sì pọ̀. Kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ó fi ọ̀rọ̀ iyàrá B sílẹ̀ fún ìgbìmọ̀ tuntun, níbi tí olórí àwòrò tó mọ èèwọ̀ àti adájọ́ tó mọ ìṣirò yóò ti jókòó sídìí tábìlì kan náà, kí wọ́n sọ fún ara wọn ohun tí wọ́n bá rí àti ìdí tí wọ́n fi ṣí i tàbí tí wọ́n fi jẹ́ kó wà ní títì.